Síkì nígbà ẹ̀ẹ̀rùn lórí pápá yìnyín Muir

Nígbà ẹ̀ẹ̀rùn wọn (ìgbà ooru), tí òdòdó bá ń tanná ní Paradise, níbi tí ọ̀nà ti bẹ̀rẹ̀ lórí òkè Rainier, ní ìpínlẹ̀ Washington ní Amẹ́ríkà, yìnyín ṣì pọ̀ lókè tó láti fi síkì (pátákó gígùn méjì tí a ń so mọ́ bàtà) yọ̀ sọ̀kalẹ̀ lórí pápá yìnyín Muir. Láti ibi ìgbọ́kọ̀sí (bíi mítà 1,650) dé Camp Muir, ibùdó àwọn agùnkè lókè pápá yìnyín náà (mítà 3,100), tó bíi kìlómítà 7, wákàtí 4 sí 6 sì ni ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ń gòkè. Ẹ gbéra láago 6 àárọ̀.

Àsìkò ni gbogbo ọgbọ́n rẹ̀. Bí ojú ọ̀run bá mọ́ lóru, yìnyín á dì gbagidi. Oòrùn á wá máa rọ ojú rẹ̀. Ẹ dúró lókè títí yóò fi rọ̀ tó sẹ̀ǹtímítà 2 sí 5, tí abẹ́ rẹ̀ ṣì le. Kó tó rọ̀ bẹ́ẹ̀, etí síkì ò ní mú un. Bí bàtà bá sì ti ń rì dé ọrùn ẹsẹ̀, ó ti pẹ́ jù: yìnyín tó rin gbingbin lè ya lulẹ̀ níbi tó bá dagẹ̀rẹ́. Bí ìkùukùu bá bo ojú ọ̀run mọ́jú, yìnyín lè má dì rárá. Ẹ padà sùn.

Ẹ so síkì mọ́ àpò ẹ̀yìn títí ẹ ó fi kan yìnyín, kí ẹ má sì kúrò lójú ọ̀nà, kí ẹ má baà tẹ òdòdó mọ́lẹ̀. Ní oṣù kẹjọ, ẹ lè kọjá odò kékeré Pebble Creek kí ẹ tó rí yìnyín. Ibẹ̀ ni kí ẹ ti lẹ awọ onírun mọ́ abẹ́ síkì, kó má baà yọ̀ padà sẹ́yìn bí ẹ ti ń gòkè. Bí ẹ bá ṣí i lókè, ẹ pa ojú tó ní gọ́ọ̀mù dé ara wọn kíá, torí yìnyín ẹ̀ẹ̀rùn kún fún eruku, awọ tó bá sì gbé eruku kì í lẹ̀ mọ́. Omi lítà 2 ó kéré tán. Ìpara oòrùn: ẹ fi sábẹ́ àgbọ̀n àti ihò imú pẹ̀lú, nítorí yìnyín ń ta ìtànṣán padà sókè.

Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn bá ń lọ sópin, oòrùn á ti gbẹ́ ojú yìnyín ní ihò-ihò, bí àwo tí a tò jọ. Ẹ má sáré níbẹ̀. Níbi tí ẹ bá ti gbọ́ ìró omi lábẹ́ yìnyín, ẹ yà fún un.

Ìkùukùu ló léwu jù. Ó lè bo gbogbo pápá náà láàárín ìṣẹ́jú díẹ̀, kí ẹ má sì mọ ibi tó ń lọ sísàlẹ̀. Bí ẹ bá ń sọ̀, gíláṣíà (òkìtì yìnyín ńlá tó ń rọra ṣàn) Nisqually wà lọ́wọ́ ọ̀tún, ti Paradise wà lósì, àwọn méjèèjì ló sì ní àlàfo jíjìn. Nítorí náà, nígbà tí ẹ bá ń gòkè tí ojú mọ́ kedere ni kí ẹ ti máa fi GPS (ẹ̀rọ tó ń sọ ibi tí ènìyàn wà) sàmì sójú ọ̀nà, kí kọ́ńpáàsì sì wà lápò bí bátìrì bá kú. Bí ẹ ò bá ríran, ẹ bọ́ síkì, kí ẹ rìn láti àmì dé àmì. Bí Camp Muir bá sì súnmọ́ jù, ẹ padà síbẹ̀: ilé olókùúta kan wà níbẹ̀ fún gbogbo ènìyàn.