Àṣìṣe tó ń dá ìyá ọmọ tuntun padà sẹ́yìn nígbà tó bá fẹ́ tún ọjà bẹ̀rẹ̀

Kí ọmọ tó pé ọjọ́ mẹ́jọ ni àṣìṣe àkọ́kọ́ ti máa ń wáyé: wọ́n á yọ owó ìkómọ látinú ojú owó. Kánópì, àga, ìrẹsì, aṣọ ẹbí. Nígbà tí ìyá ọmọ á fi padà sọ́jà, igbá ti ṣófo. Láti oṣù kẹfà oyún ni kí ẹ ti ya ojú owó sọ́tọ̀. Ohun tó bá ṣẹ́kù ni kí ẹ fi ṣe ìkómọ.

Èyí tó ń dunni jù ni owó èlé ọlọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, tí ọ̀pọ̀ ń pè ní gbomú-lé-láńtà. Ká ní wọ́n yá yín ní ₦100,000, tí ẹ ó máa san ₦5,000 lọ́sẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ 24: ₦120,000 ni ẹ máa san. Bí wọ́n bá tún kọ́kọ́ yọ ₦10,000 pé àwọn ń bá yín tọ́jú ẹ̀, ₦90,000 péré ló dé ọwọ́ yín. Ọjà tí ẹ rà kò tíì tà tí sísan fi bẹ̀rẹ̀. Ara ọmọ á gbóná, ẹ ò ní lè jáde fún ọ̀sẹ̀ kan, inú ojú owó sì ni ₦5,000 ọ̀sẹ̀ yẹn ti máa jáde.

Ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù sàn ju bẹ́ẹ̀ lọ. Èlé wọn kì í ga tó bẹ́ẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì ń yáni ní ìlọ́po méjì owó téèyàn ti kó jọ, bó bá ti lè mú onídùúró wá. Àmọ́ ta ló fẹ́ dúró fún ẹni tí ẹgbẹ́ kò gbúròó rẹ̀ láti ìgbà oyún? Bí ẹ ò bá lè lọ sípàdé, ẹ fi owó yín rán ẹnì kan, kí ẹ sì sọ fún akọ̀wé.

Nínú èsúsú ẹni mẹ́wàá, ẹni tó bá kọ́kọ́ kó o ṣì máa dá a fún oṣù 9 sí i. Kí aboyún má ṣe du ipò yẹn. Ẹ bẹ olórí èsúsú kí tiyín bọ́ sí oṣù tí ẹ máa padà sọ́jà.

Bí ṣọ́ọ̀bù bá ti wà ní títì fún oṣù mẹ́ta, ẹ má tíì ra ọjà tuntun. Ẹ ki ọwọ́ bọ àpò ẹ̀wà dé ìsàlẹ̀. Bí lẹ́búlẹ́bú bá lẹ̀ mọ́ ọwọ́ yín, tí ẹ sì rí ihò róbótó lára ẹ̀wà, kòkòrò ti wọ̀ ọ́. Ẹ má da tuntun mọ́ ọn, ẹ má tiẹ̀ gbé àpò méjèèjì sún mọ́ra, nítorí kòkòrò náà á kó wọ tuntun. Gààrí tó ti bu, ẹ dà á nù.

Àwọn tó wá kí yín pé “ẹ kú ewu ọmọ” á tún fẹ́ ra àwìn. Ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn, ṣùgbọ́n ẹ má tà á láwìn fún oṣù mẹ́ta àkọ́kọ́.

Ti ọmọ ńkọ́? Ẹ má torí ọjà fún un lómi tàbí àgbo kó tó pé oṣù mẹ́fà. Omi wà nínú ọmú. Ẹ fọ ọwọ́, ẹ fún ọmú sínú ike mímọ́ tó ní ìdérí. Ó lè wà fún wákàtí 4 níbi tó tutù, tàbí 24 nínú kúlà tí yìnyín pọ̀ dáadáa nínú rẹ̀. Kọ́ọ̀bù kékeré ni kí wọ́n fi fún un. Ẹ má jẹ́ kí ọjọ́ ọjà gba ọjọ́ abẹ́rẹ́ àjẹsára ọ̀sẹ̀ 6, 10 àti 14 mọ́ ọmọ lọ́wọ́.

Bí ẹ̀jẹ̀ bá kún páàdì kan láàárín wákàtí kan, tàbí tí ibà mú yín, ẹ fi igbá sílẹ̀ kí ẹ lọ sí ọsibítù lójú ẹsẹ̀.