Ìṣirò eré mọ́tò àlọ àti àbọ̀: ohun tó padà bá wa yanjú ẹ̀

Ọjọ́ mẹ́ta ni ìṣirò yìí fi da èmi àtọmọ mi láàmú: mọ́tò ń sá 60 km ní wákàtí kan láti Ifẹ̀ lọ Iléṣà, ó ń sá 40 bó ṣe ń padà, kí ni áfírééjì eré ẹ̀? A ro 60 pọ̀ mọ́ 40, a pín in sí méjì, 50, ẹ̀yìn ìwé ní 48. A pa á rẹ́ títí bébà fi lu.

Àfìgbà tá a ní ká fi ọ̀nà yẹn sí 30 km, a wá kọ àsìkò sílẹ̀ lọ́tọ̀ọ̀tọ̀: àlọ ìṣẹ́jú 30, àbọ̀ 45 (àbọ̀ ló pẹ́ jù o, ibẹ̀ gan-an lọ̀rọ̀ wà). Àpapọ̀ ẹ̀ 75, ìyẹn wákàtí 1.25. A fi 1.25 pín 60 km (30 àlọ, 30 àbọ̀), 48 jáde! Inú wa dùn gan-an. Mi ò lè sọ pé gbogbo irú ẹ̀ ló máa gbà, àmọ́ tí àlọ àtàbọ̀ bá gùn bákan náà, ẹ gbìyànjú ẹ̀ wò.