Bí Ọmọbìnrin Èkìtì Ṣe Lè Wọ Inú Ìmọ̀ Bàyọ́lọ́jì Kí Ó sì Dúró Síbẹ̀: Ìtọ́sọ́nà fún Òbí àti Olùkọ́

Àwa ará Èkìtì kì í pẹ́ kí a tó ka orúkọ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n wa fún àlejò, ṣùgbọ́n orúkọ ọkùnrin ni ó máa ń kọ́kọ́ bọ́ sí wa lẹ́nu. Bẹ́ẹ̀ ni láti ìlú kan ṣoṣo, Ẹ̀fọ̀n-Aláayè, ni obìnrin méjì ti jáde tí wọ́n gba ẹ̀bùn L'Oréal-UNESCO, èyí tí wọ́n fi ń dá àwọn obìnrin onímọ̀ sáyẹ́ǹsì lọ́lá káàkiri àgbáyé. Ọ̀jọ̀gbọ́n Grace Oladunni Taylor, tí iṣẹ́ rẹ̀ dá lórí ọ̀rá inú ẹ̀jẹ̀ àti àrùn ọkàn, gba tirẹ̀ ní ọdún 1998, òun sì ni ọmọ Áfíríkà àkọ́kọ́ tí ó gbà á. Ọ̀jọ̀gbọ́n Adeyinka Gladys Falusi, tí ó ṣe ìwádìí lórí àbùdá tí ń fa àrùn ẹ̀jẹ̀ àjogúnbá bíi fòníkú-fọ̀la-dìde, gba tirẹ̀ ní ọdún 2001.

Ìdí tí mo fi kọ ìtọ́sọ́nà yìí ni pé, lójú tèmi, kì í ṣe àìtó ọpọlọ ni ó ń mú ọmọbìnrin pàdánù àyè rẹ̀ nínú ìmọ̀ ẹ̀dá oníyè. Ní oríta ni ó ti ń pàdánù rẹ̀, níbi tí àgbàlagbà kan ti bá a pinnu láìbi í léèrè, tàbí níbi tí kò ti rí ẹni tí yóò bá a dúró. Ẹ jẹ́ kí a mú àwọn oríta náà lọ́kọ̀ọ̀kan, kí a sì sọ ohun tí ó yẹ ní ṣíṣe níbẹ̀.

Ìwọlé SS1

Oríta àkọ́kọ́ wà ní ìparí JSS3, nígbà tí ilé-ìwé bá ń pín àwọn ọmọ sí kíláàsì sáyẹ́ǹsì, ti iṣẹ́ ọnà àti ti ìṣòwò. Bí ẹnikẹ́ni bá sọ fún yín pé kí ẹ má dààmú, pé ọmọ náà yóò ṣe bàyọ́lọ́jì ní kíláàsì yòówù tí ó bá wà, ó lè jẹ́ òótọ́ ní ọ̀pọ̀ ilé-ìwé, ṣùgbọ́n òótọ́ tí ó lè ṣini lọ́nà ni. Ọmọ tí ó wà ní kíláàsì iṣẹ́ ọnà sábà máa ń ṣe bàyọ́lọ́jì gẹ́gẹ́ bí ẹ̀kọ́ sáyẹ́ǹsì kan ṣoṣo, ó sì lè yege nínú rẹ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n níwọ̀n ìgbà tí kò bá ti ní kẹ́mísírì, ilẹ̀kùn yunifásítì ti tì mọ́ ọn ní ẹ̀ka náà. Kẹ́mísírì gan-an ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Taylor fi gba oyè àkọ́kọ́ ní Ìbàdàn ní ọdún 1962 kí ó tó yà sí ọ̀rọ̀ ẹ̀jẹ̀ àti àìsàn.

Nítorí náà, kí sáà tó wọlé, kí bàbá tàbí ìyá lọ sí ilé-ìwé fúnra rẹ̀, kí ó sì rí i pé bàyọ́lọ́jì, kẹ́mísírì, físíìsì àti ìṣirò wà lórí àtẹ àkókò ọmọ náà, kí ó tún béèrè bóyá olùkọ́ wà fún ẹ̀kọ́ kọ̀ọ̀kan. Ilé-ìwé mìíràn wà ní àwọn ìlú wa kéékèèké tí orúkọ físíìsì wà lórí àtẹ wọn tí kò sì sí ẹni tí yóò kọ́ ọ. Ó sàn kí òbí mọ èyí ní SS1, kí ó lè wá olùkọ́ ìrọ̀lẹ́ tàbí ilé-ìwé mìíràn, ju kí ó mọ̀ ọ́n nígbà tí ìdánwò WAEC bá ku oṣù mẹ́ta.

Ọ̀rọ̀ iṣẹ́ ilé náà wà níbẹ̀. Níbi tí a kì í ti í fi iyán ṣeré, ọmọbìnrin ni a sábà máa ń fi ọmọ odó lé lọ́wọ́ nígbà tí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ọkùnrin bá jókòó ti ìwé. Kí ẹ pín ọjọ́ iṣẹ́ fún gbogbo ọmọ inú ilé, kí ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, kí ẹ sì lẹ̀ ẹ́ mọ́ ara ògiri. N kò sọ pé kí ọmọbìnrin má gúnyán. Ohun tí mo ń sọ ni pé ọmọkùnrin náà ní apá.

Iṣẹ́ àfọwọ́ṣe

Níbí ni mo fẹ́ kí a ti pẹ́ jù lọ, nítorí pé níbí ni ọ̀pọ̀ ọmọbìnrin ti ń di òǹwòran láìjẹ́ pé ẹnikẹ́ni lé wọn. WAEC ní ìwé ìdánwò kan tí ó dá lórí iṣẹ́ àfọwọ́ṣe, èyí tí àwọn ọmọ ilé-ìwé ń pè ní práktíkà, ṣùgbọ́n bí olùkọ́ bá pín kíláàsì sí ẹgbẹ́, ọmọbìnrin tí ọwọ́ ìkọ̀wé rẹ̀ dára ni wọn yóò ní kí ó máa kọ èsì sílẹ̀, àwọn ọmọkùnrin a sì kóra jọ sí ìdí maikirosikóòpù. Yóò lo ọdún mẹ́ta ní kíláàsì sáyẹ́ǹsì, ìwé rẹ̀ yóò mọ́ tónítóní, ọwọ́ rẹ̀ kò sì ní tíì kan ẹ̀rọ. Oògùn rẹ̀ kò le: kí olùkọ́ fi orúkọ pín iṣẹ́, kí ó má fi í sílẹ̀ fún ẹni tí ó bá kọ́kọ́ na ọwọ́, kí ó sì jẹ́ pé ẹni tí ó kọ èsì lọ́sẹ̀ yìí ni yóò kọ́kọ́ fọwọ́ kan ẹ̀rọ lọ́sẹ̀ tí ń bọ̀.

Bí ilé-ìwé kò bá ní maikirosikóòpù, iṣu ń bẹ. Ẹ gé ègé iṣu mẹ́ta tí ìwọ̀n wọn fẹ́rẹ̀ẹ́ dọ́gba, ẹ bó wọn, ẹ gé ìdí wọn kí wọ́n lè jókòó dáadáa, kí ẹ sì gbẹ́ àárín ọ̀kọ̀ọ̀kan bí ife láìjẹ́ kí ọ̀bẹ lu ú já sí ìsàlẹ̀. Ẹ se ọ̀kan nínú wọn títí yóò fi jinná, kí ẹ sì fi méjì yòókù sílẹ̀ ní tútù. Ẹ gbé ọ̀kọ̀ọ̀kan sínú abọ́ tí ó ní omi díẹ̀, ẹ da omi ṣúgà tí ó ki sínú ihò iṣu tútù kan àti ihò iṣu sísè, ẹ fi ihò ìkẹta sílẹ̀ lófìfo, kí ẹ sì gún abẹ́rẹ́ mọ́ ara iṣu gẹ́gẹ́ bí àmì ibi tí omi ṣúgà dé. Lẹ́yìn wákàtí mélòó kan, omi inú iṣu tútù tí ó ní ṣúgà yóò ti gòkè kọjá àmì, ti àwọn méjì yòókù kò sì ní gòkè. Omi ló gba ara awọ àwọn sẹ́ẹ̀lì tí ó wà láàyè kọjá, láti inú abọ́ níbi tí omi ti pọ̀, wá sínú ihò níbi tí ṣúgà ti pọ̀. Iná sì ti pa àwọn sẹ́ẹ̀lì iṣu sísè, awọ wọn kò lè ṣe iṣẹ́ yẹn mọ́. Kí olùkọ́ má sọ èyí fún wọn. Kí ó pe ọmọbìnrin tí kì í sọ̀rọ̀ ní kíláàsì, kí ó bi í pé kí ni iṣu sísè ń ṣe níbẹ̀, kí ni èyí tí a kò fi nǹkan kan sí náà ń ṣe, kí ó sì dúró de ìdáhùn rẹ̀ bí ó ti wù kí ó pẹ́ tó.

Nínú àwòrán yíyà, ọ̀pọ̀ máàkì ni ó ń sọnù lórí ohun kéékèèké. Pẹ́ńsù tí ẹnu rẹ̀ mú ni kí ó lò, kí ìlà rẹ̀ jẹ́ ẹyọ kan tí kò já, kí ó má kun àwòrán náà dúdú, kí ó fi rúlà fa ìlà tí ó tọ́ka sí ẹ̀yà kọ̀ọ̀kan láìjẹ́ kí ìlà kan ré èkejì kọjá, kí ó sì kọ àkọlé pẹ̀lú iye ìgbà tí àwòrán fi tóbi ju ohun tí a wò lọ.

Bí olùkọ́ bá dé orí X àti Y, ìyẹn àwọn kírómósómù tí ó ní í ṣe pẹ̀lú jíjẹ́ akọ tàbí abo, kí ó dárúkọ Nettie Stevens, obìnrin ará Amẹ́ríkà tí ó fi hàn ní ọdún 1905, nínú kòkòrò tí ń jẹ ìyẹ̀fun, pé ohun tí ó wà nínú àtọ̀ akọ ni ó ń pinnu bóyá ọmọ yóò jẹ́ akọ tàbí abo. Ìyàwó mélòó ni a ti dá lẹ́bi nínú agboolé wa pé obìnrin nìkan ni wọ́n ń bí! Ọmọ tí ó bá gbọ́ ẹ̀kọ́ yìí yóò gbé e délé. Bí àkókò àgbàdo bá sì dé, kí olùkọ́ mú ṣùkù kan tí ọmọ rẹ̀ ní àwọ̀ tó-tò-tó wá sí kíláàsì, kí ó sọ fún wọn pé irú àwọ̀ bẹ́ẹ̀ ni Barbara McClintock, onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ará Amẹ́ríkà, wò títí ó fi rí i pé àbùdá a máa ṣí kúrò ní ipò rẹ̀, tí òun nìkan sì gba ẹ̀bùn Nobel ìṣègùn lé e lórí ní ọdún 1983.

Fọ́ọ̀mù JAMB

Fún bàyọ́lọ́jì, ìmọ̀ nípa kòkòrò àìfojúrí àti báyókẹ́mísírì, èdè Gẹ̀ẹ́sì, bàyọ́lọ́jì àti kẹ́mísírì ni a sábà máa ń béèrè, pẹ̀lú físíìsì tàbí ìṣirò gẹ́gẹ́ bí ìkẹrin. Kí ẹ yẹ ìwé ìlànà JAMB wò fún ilé-ẹ̀kọ́ tí ẹ yàn, nítorí pé wọn kì í béèrè bákan náà. Ọmọ tí kò fẹ́ lọ jìnnà lè yan Yunifásítì Ìpínlẹ̀ Èkìtì ní Adó, Yunifásítì Ìjọba Àpapọ̀ ní Ọ̀yẹ́, tàbí ti Ìkẹ́rẹ́. Yunifásítì Afẹ́ Babalọlá náà wà fún ẹni tí apá rẹ̀ ká owó ilé-ìwé aládàáni.

Ìṣòro tí ó wà níbí ni pé ìṣègùn nìkan ni ọ̀pọ̀ òbí mọ̀. Bí wọ́n bá wá fún ọmọ ní ẹ̀ka ìmọ̀ ewéko tàbí ti ẹranko dípò ìṣègùn, gbogbo ilé a máa ṣọ̀fọ̀. Kí ẹ bi ara yín léèrè ẹni tí ń wádìí àrùn tí ń sọ èso kòkó di dúdú ní ilé-iṣẹ́ ìwádìí kòkó ní Ìbàdàn, àti ẹni tí ń mú irúgbìn ẹ̀gẹ́ dára sí i ní IITA, ilé-iṣẹ́ ìwádìí iṣẹ́ ọ̀gbìn tí ó wà ní Ìbàdàn bákan náà. Ohun kan ṣoṣo ni kí ẹ ṣọ́ra fún: ẹni tí ó bá fẹ́ máa ṣe àyẹ̀wò ẹ̀jẹ̀ àti ìtọ̀ ní ilé-ìwòsàn gbọ́dọ̀ ka ẹ̀kọ́ ìmọ̀ àyẹ̀wò ìṣègùn gan-an, kí ó sì gba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ ìgbìmọ̀ tí ń ṣàkóso iṣẹ́ náà, nítorí oyè nínú ìmọ̀ kòkòrò àìfojúrí nìkan kò tó.

Ní yunifásítì

Kí ó tètè wá ibi tí yóò ti ṣe ìdánrawò lẹ́nu iṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní IT, kí ó má dúró de oṣù tí wọ́n bá fún un ní lẹ́tà. Ibi tí yóò ti fọwọ́ ara rẹ̀ ṣiṣẹ́ ni kí ó wá, kì í ṣe ọ́fíìsì tí yóò ti máa to fáìlì.

Ní ti iṣẹ́ ìwádìí àṣekágbá, ẹ jẹ́ kí ó wo ilé kí ó tó wo òkèèrè. Màmá tí ń ṣe irú mọ iye ọjọ́ tí òun yóò fi bò ó àti òórùn tí yóò fi mọ̀ pé ó ti jinná. Kí akẹ́kọ̀ọ́ jókòó tì í, kí ó máa bu díẹ̀ lójoojúmọ́, kí ó wọn bí ó ti ń kan tàbí bí kò ti kan, kí ó sì ka àwọn kòkòrò àìfojúrí inú rẹ̀: yóò rí i pé ọ̀wọ́ Bacillus ni ó gba iwájú nínú irú, tí kì í jẹ́ kí ó kan, nígbà tí ọ̀wọ́ Lactobacillus ń mú ògì kan. Omi Ìkògòsì, níbi tí gbígbóná àti tútù ti ń ṣàn pàdé ara wọn, tún jẹ́ ibi tí a lè béèrè ohun tí ń gbé inú ọ̀kọ̀ọ̀kan. Kí ó dárúkọ màmá onírú náà nínú ojú ìwé ìdúpẹ́, bí màmá náà bá gbà bẹ́ẹ̀.

Bí olùkọ́ kan bá ń fi máàkì béèrè ohun tí kì í ṣe iṣẹ́ ìwé, kí ọmọ náà má ṣe lọ bá a ní òun nìkan mọ́, kí ó tọ́jú gbogbo àtẹ̀jíṣẹ́, kí ó sì sọ fún àgbàlagbà kan lọ́jọ́ náà gan-an. Kí òbí tí ó bá gbọ́ má kọ́kọ́ bi í pé irú aṣọ wo ni ó wọ̀. Kí ó bá a lọ sí ọ̀dọ̀ ọ̀gá ẹ̀ka náà pẹ̀lú ohun tí wọ́n kọ sílẹ̀. Ìpínlẹ̀ Èkìtì ti ní òfin tí ó lòdì sí ìwà ipá tí ó dá lórí jíjẹ́ akọ tàbí abo láti ọdún 2011, wọ́n sì tún un ṣe ní ọdún 2019.

Ìgbéyàwó àti oyè gíga

Lẹ́yìn àgùnbánirọ̀ ni a máa ń gbọ́ pé kí ó lọ́kọ ná, kí ó padà sí ìwé nígbà tí ó bá yá. Ó lè ṣe méjèèjì, bí a bá sọ ọ́ síta kí ọjọ́ ìdána tó dé: kí ìdílé méjèèjì gbọ́ pé ó ń lọ fún oyè kejì, àti ẹni tí yóò san owó rẹ̀. Àjọ OWSD, tí orílé-iṣẹ́ rẹ̀ wà ní Trieste ní Ítálì, wà fún àwọn obìnrin onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ní àwọn orílẹ̀-èdè tí ń gòkè àgbà, ó sì yẹ kí ó máa wo ètò ìrànwọ́ wọn láti ọdún tí ó kẹ́yìn oyè àkọ́kọ́.

Bí ó bá lóyún lẹ́nu ìwádìí, kí ó má ṣe parẹ́ láìsọ ohunkóhun. Kí ó kọ lẹ́tà ojú ìwé kan sí alábòójútó rẹ̀, kí ó sì fi ẹ̀dà rẹ̀ ránṣẹ́ sí ọ̀gá ẹ̀ka. Kí lẹ́tà náà sọ oṣù tí ó ń retí ìbímọ, àwọn oògùn láàbù tí kò yẹ kí ó fọwọ́ kàn títí di ìgbà náà, ohun alààyè tí ó ń sìn fún ìwádìí tí kò lè dúró dè é, orúkọ akẹ́kọ̀ọ́ tí ó ti gbà láti máa bá a tọ́jú rẹ̀, àti ọjọ́ tí òun yóò padà. Kí ó gba ìbuwọ́lù wọn lórí ẹ̀dà tirẹ̀ kí ó tó kúrò ní ọ́fíìsì.