Ẹ Má Fi Ọwọ́ Ara Yín Gé Ọdún Iṣẹ́ Yín: Àṣìṣe Tí Ó Wọ́pọ̀ Nínú Tíránsífà Òṣìṣẹ́ Ìjọba

Ìgbàkúùgbà tí ìròyìn bá ti tàn pé àyè iṣẹ́ ṣí sílẹ̀ ní Ìlọrin ni àwọn ènìyàn máa ń gbé fáìlì wá bá mi láti Ọ̀fà, Òmù-Àrán àti Àjàṣẹ́-Ìpo, púpọ̀ nínú wọn yóò sì ti náwó fún alárinà kí wọ́n tó bi ẹnikẹ́ni léèrè. Iṣẹ́ ìwé òṣìṣẹ́ ni mo fi ṣe ayé, ó sì ti bà mí lórí jẹ́ débi pé bí wọ́n bá fún mi ní ìwé ìpè ìgbéyàwó, òǹtẹ̀ ni mo kọ́kọ́ ń wá kí n tó wo orúkọ ìyàwó. Ẹni tí kò mọ̀ kò bí mi nínú. Ẹni tí ó sanwó kí wọ́n lè ṣì í lọ́nà ni ọ̀rọ̀ rẹ̀ ń ká mi lára.

Àṣìṣe kìíní ni kíkọ̀wé fiṣẹ́ sílẹ̀ nígbà tí ó yẹ kí ènìyàn béèrè fún tíránsífà, ìyẹn kí ìjọba gbé e láti ẹ̀ka iṣẹ́ kan sí òmíràn láìjẹ́ kí ọdún iṣẹ́ rẹ̀ já. Olùkọ́ kan láti ìhà Ìgbómìnà rí iṣẹ́ sí iléeṣẹ́ ìjọba kan ní Ìlọrin, ẹni tí ó gba owó lọ́wọ́ rẹ̀ sì ní kí ó tètè fi iṣẹ́ olùkọ́ sílẹ̀ kí àyè náà má baà bọ́. Ìwé tí ó kọ kò ju ìlà méjì lọ, òǹtẹ̀ búlúù sì ti wà lára rẹ̀ pé wọ́n ti gbà á. Ó ní, “Bàbá, ṣé wọn kò lè so ọdún tèmi pọ̀ ni?” Kí ni mo fẹ́ so pọ̀, nígbà tí òun fúnra rẹ̀ ti gé e? Bí ó bá ti kọ ìwé tíránsífà, kí ó gba ọwọ́ ọ̀gá ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀ àti àjọ tí ó gbà á síṣẹ́ kọjá, kí àkọsílẹ̀ iṣẹ́ rẹ̀ sì tẹ̀lé e, iṣẹ́ rẹ̀ kì bá tí já. Ní báyìí, òṣìṣẹ́ tuntun ni, sáà ìdánwò, ìyẹn ìgbà tí wọ́n fi ń wò ó kí wọ́n tó fi ìdí iṣẹ́ rẹ̀ múlẹ̀, sì bẹ̀rẹ̀ látọ̀tun.

Ọdún 2 ni ìwé òfin iṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ fi sáà ìdánwò sí. Ó fi àyè sílẹ̀ kí wọ́n yọ ìgbà tí ènìyàn ti fi ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ dáadáa fún ìjọba kúrò nínú rẹ̀, ṣùgbọ́n èyí tí yóò ṣẹ́kù kò gbọdọ̀ dín ní oṣù 6. Ẹ kíyè sí “irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀” o: ẹni tí ó kọ́ni ní ìmọ̀ ìṣirò kò tíì di akáwó ìjọba. Ẹ̀yin ni ẹ ó sì béèrè fún un pẹ̀lú ẹ̀rí, nítorí kò sí ẹni tí yóò wá yín wá sílé.

Ìkejì: ẹ má kúrò lẹ́nu iṣẹ́ àtijọ́ kí ìwé ìyọ̀ǹda tí wọ́n fi gbà kí ẹ lọ tó tẹ̀ yín lọ́wọ́.

Ìkẹta: ẹ gba ìwé ẹ̀rí owó oṣù ìkẹyìn tí wọ́n san fún yín níbi iṣẹ́ àtijọ́, kí owó oṣù yín má baà dúró níbi tuntun; bí bẹ́ẹ̀ kọ́, ebi ni.

Ọ̀rọ̀ ọjọ́ ló kàn, èyí tí ó máa ń mú kí n pariwo. Ọjọ́ mẹ́ta ló wà nínú fáìlì yín, iṣẹ́ ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ sì ni wọ́n ń ṣe. Ọjọ́ tí ìjọba kọ́kọ́ gbà yín síṣẹ́ ni wọ́n fi ń ka ọdún 35 tí ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ fi ń fẹ̀yìn tì, bí ọjọ́ orí 60 kò bá ṣáájú rẹ̀. Ọjọ́ tí wọ́n fi ìdí iṣẹ́ yín múlẹ̀ ni sáà ìdánwò parí. Ọjọ́ tí ẹ wọ ipò tí ẹ wà lónìí ni wọ́n fi ń mọ ẹni tí ó ṣáájú ẹnìkejì. Ká ní ẹ bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2010, tí tíránsífà sì gbé yín wọ Lẹ́fẹ̀lì 9 (ìpele ipò òṣìṣẹ́ ìjọba) ní 2022, ẹni tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 2015 ṣùgbọ́n tí ó dé Lẹ́fẹ̀lì 9 ní 2020 ni ọ̀gá yín níbẹ̀. Kò ju yín lọ nílé, ẹ sì lè máa pè é ní àbúrò lọ́jà Ọjà-Ọba, ṣùgbọ́n orúkọ rẹ̀ ni yóò wà lókè nínú ìwé. Ọjọ́ tí ẹ wọ ipò yìí kan náà ni wọ́n fi ń ka ọdún ìgbéga: ọdún 2 títí dé Lẹ́fẹ̀lì 6, ọdún 3 láti 7 dé 14, ọdún 4 láti 15 lọ. Síbẹ̀ ni alárinà yóò gba owó lọ́wọ́ yín pé òun yóò “tún ọjọ́ náà ṣe.” Yíyí àkọsílẹ̀ padà wà lára ìwà àìtọ́ ńlá tí ó lè lé òṣìṣẹ́ dànù, orúkọ yín ni wọn yóò sì bá lórí fáìlì, kì í ṣe tirẹ̀.

Ẹni tí wọ́n kàn gbé láti iléeṣẹ́ ìjọba kan sí òmíràn, tí iṣẹ́ àti ipò rẹ̀ kò yí padà, kò ní sáà ìdánwò tuntun kankan láti ṣe. Kí ó fọkàn balẹ̀.

Ti ẹni tí wọ́n yá lò fún ìgbà díẹ̀ tún yàtọ̀. Iléeṣẹ́ àtijọ́ rẹ̀ ló ṣì ni ín, nítorí náà kí ó rí i pé ọjọ́ ìpadàbọ̀ wà nínú ìwé náà kí ó tó kó ẹrù, kí ó sì máa rán àwọn tó wà níbẹ̀ létí orúkọ rẹ̀ bí ìgbéga bá ti ń bọ̀.