Bí a ṣe gbé ẹ̀rọ ẹ̀gẹ́ gorí pèpéle

Ẹ̀rọ tí Ìyá Onígààrí fi ń rin ẹ̀gẹ́ ní Ìjẹ̀bú-Igbó wúwo kọjá ohun tí ọwọ́ lè gbé. Irin gígùn la kọ́kọ́ fi hú u nílẹ̀. Òkúta tí irin náà dùbúlẹ̀ lé fi sẹ̀ǹtímítà 15 jìnnà sí ẹ̀rọ, ọwọ́ wa fi 150 jìnnà sí òkúta: agbára wa di ìlọ́po 10. A ki páìpù sábẹ́ rẹ̀, a tì í gba orí pákó tó dagẹ̀rẹ̀ lọ sórí pèpéle. Pákó yẹn gùn ní mítà 3, pèpéle ga ní sẹ̀ǹtímítà 60, nítorí náà ìdá kan nínú márùn-ún ìwúwo rẹ̀ la tì, àti díẹ̀ sí i nítorí bí páìpù àti pákó ṣe ń fara kan ara wọn. (Pákó kúkúrú? Ẹ má dán an wò, agbára tí yóò gbà yóò pọ̀ ju èyí lọ.) Ẹnìkan ń fi igi há ẹ̀yìn rẹ̀ kó má yí padà. Màmá ń kígbe pé, “Ẹ rọra o, ẹ̀yin ọmọ mi!”