Bí mo ṣe fi amọ̀ mọ ojú ìyá àgbà mi ní Kétu

Ìyá àgbà mi tó ti dolóògbé ni mo fẹ́ mọ, láti orí dé ọrùn. Ní Kétu níbí, ojú Gẹ̀lẹ̀dẹ́ tí a fi ń yẹ́ àwọn ìyá sí ni mo ń wò láti kékeré, igi sì ni wọ́n fi ń gbẹ́ ẹ. Ṣùgbọ́n ohun tí a bá ti gé kúrò lára igi, ó lọ nìyẹn. Amọ̀ ló yẹ ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń kọ́ṣẹ́: bó bá ṣì í mọ, á tún un mọ.

Ọwọ́ ìyá kan tó ń mọ ìkòkò ni mo ti rà á. Òun ló ní kí n gún àpáàdì kúnná, kí n pò ó mọ́ amọ̀ kó má baà máa sán. Mo ṣa òkúta àti gbòǹgbò kúrò, mo tẹ̀ ẹ́ títí tí kò fi lẹ̀ mọ́ mi lọ́wọ́ mọ́.

Orí àkọ́kọ́ bẹ́ nínú iná, gbàù! Mo ti mọ ọ́n gbagidi bí òkèlè iyán. Ara rẹ̀ funfun, mo rò pé ó ti gbẹ, àṣé omi ṣì wà láàárín. Nígbà tí iná mú un, omi náà di ooru, kò ríbi gbà jáde. Ìyá náà wo àfọ́kù, ó ní: “Ọmọ mi, ìkòkò tí mò ń mọ, ṣé inú rẹ̀ dí?”

Nínú ìkejì, ojú ló gbà mí lákòókò jù. Tẹ́lẹ̀, ńṣe ni mo ń lẹ ẹyinjú mọ́ ọn bíi hóró ẹ̀pà. Inú kòtò ni ẹyinjú ń gbé! Lọ́tẹ̀ yìí, mo kọ́kọ́ fi àtàǹpàkò méjèèjì tẹ ẹ̀gbẹ́ imú wọlé, mo gbé ẹyinjú sí i, mo wá fi ìpéǹpéjú bò ó. Ìyá àgbà ò léyín mọ́ kí wọ́n tó lọ, nítorí náà mo ti ètè wọnú, mo gbé àgbọ̀n súnmọ́ imú. Síbẹ̀, arúgbó kan ṣá ni. Ìgbà tó yá ni mo rántí pé igbá àkàsà tí wọ́n rù fún ọ̀pọ̀ ọdún ti mú ọrùn wọn tẹ̀ sósì díẹ̀. Mo tẹ ọrùn náà. Àbúrò mi wọlé, ó dúró, ó ní: “Ìyá àgbà rèé.”

Nígbà tó le díẹ̀, mo fi wáyà gé àtàrí, mo fi ṣíbí họ inú rẹ̀ títí ara fi ku ìwọ̀n àtàǹpàkò. Mo fi ọ̀bẹ ha ojú ibi tí mo gé, mo fi amọ̀ tó ṣàn bí ògì pa á, mo dé e padà, mo dá ihò sí ìdí ọrùn. Etí máa ń yá gbẹ ju ẹ̀rẹ̀kẹ́ lọ, ìyẹn ni mo ṣe fi aṣọ tútù wé e, tí mo fi ọ̀rá bo gbogbo rẹ̀ fún ọjọ́ 6, kí n tó ṣí i sílẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ 2.

Àárín ìkòkò ìyá náà la ti fi igi àti koríko gbígbẹ sun ún. Nígbà tí eérú tutù, ó ti pọ́n, èéfín sì ti kun ẹ̀rẹ̀kẹ́ kan dúdú. N kò họ dúdú náà kúrò.