Tíṣẹ́ Bá Gbé Yín Lọ sí Ìlú Kékeré ní Kansas, Káúńtì Ni Kẹ́ Ẹ Kọ́kọ́ Mọ̀

Àbúrò mi kan pè mí lọ́sẹ̀ tó kọjá, nọ́ọ̀sì ni, ó ní wọ́n ti bá òun ríṣẹ́ ní ọsibítù kan ní Hill City, ní ìpínlẹ̀ Kansas, ó wá lọ wo ìlú ọ̀hún lórí Google ló bá rí i pé èèyàn 1,403 péré ni wọ́n kà níbẹ̀ lọ́dún 2020. Ẹ̀rù bà á. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ṣé ìlú lèyí àbí abà?" Mo ní kó fọkàn balẹ̀, kó sọ orúkọ káúńtì ibẹ̀ fún mi ná, ìyẹn ohun tó dà bí ìjọba ìbílẹ̀ tiwa nílé. Kò mọ̀ ọ́n. Kò sí bó ṣe fẹ́ mọ̀ ọ́n, èmi náà ò mọ̀ ọ́n nígbà tí mo dé, oṣù méjì gbáko ni mo fi ń kanlẹ̀kùn tí kì í ṣe tèmi, ìdí tí mo fi jókòó kọ eléyìí nìyẹn.

Graham ni káúńtì ọ̀hún. Kansas ní káúńtì 105, Graham wà lápá àríwá ìwọ̀-oòrùn, ilẹ̀ ẹ̀ fẹ̀ tó 900 máìlì níbùú lóròó, gbogbo èèyàn tó wà nínú ẹ̀ lọ́dún 2020 sì jẹ́ 2,415. Ẹ ṣírò ẹ̀ wò: tẹ́ ẹ bá gé ilẹ̀ náà ní máìlì kan sí máìlì kan, èèyàn tó máa bọ́ sórí ẹyọ kan ò pé mẹ́ta. Hill City ni olú ìlú káúńtì, ibẹ̀ ni kọ́ọ̀tù wà, ibi tí títì 24 àti títì 283 ti pàdé. Bogue àti Morland náà wà níbẹ̀, wọ́n kéré sí i gan-an. Nicodemus ló wá kéré jù, èyí gan-an ni mo sì fẹ́ kẹ́ ẹ gbọ́ ìtàn ẹ̀, torí pé dúdú bíi tiwa ló lọ tẹ̀ ẹ́ dó.

Lọ́dún 1877, ọdún 12 péré lẹ́yìn tí wọ́n fòpin sí ẹrú níní, òyìnbó kan tó ń ta ilẹ̀, W. R. Hill, àti ajíhìnrere dúdú kan, W. H. Smith, para pọ̀ dá ìlú yìí sílẹ̀, wọ́n wá ń pín ìwé kiri ní ìpínlẹ̀ Kentucky pé kí dúdú máa bọ̀, ilẹ̀ wà. Ilẹ̀ wà lóòótọ́, òfin 1862 ti sọ pé ẹni tó bá lọ dáko síbẹ̀ fọ́dún márùn-ún lè gba 160 éékà. Bíi 300 èèyàn ló dé ní September ọdún yẹn. Igi ò sí, ilé ò sí, ọ̀pọ̀ nínú wọn ló wẹ̀yìn tó sì yí padà. Àwọn tó dúró gbẹ́ ihò sínú ilẹ̀, wọ́n ń gbénú ẹ̀. Lọ́dún 1878, obìnrin kan tó ń jẹ́ Willianna Hickman tẹ̀ lé ọkọ ẹ̀ wá láti Kentucky, wọ́n sọ̀ nínú réluwé ní Ellis, wọ́n rin ọjọ́ méjì, nígbà tí wọ́n dé ó ń wò yíká, ó ní Nicodemus dà? Ọkọ ẹ̀ nawọ́ sí èéfín tó ń jáde látinú ilẹ̀, ó ní òun nìyẹn. Obìnrin yìí bú sẹ́kún. Ìgbà kígbà tí mo bá wakọ̀ gba títì 24 kọjá níbẹ̀ ni mo máa ń rántí ẹ̀, torí ilẹ̀ yẹn tẹ́ pẹrẹsẹ títí, kò síbi téèyàn fẹ́ forí pa mọ́ sí bí atẹ́gùn bá dé. Ọ̀tútù àkọ́kọ́ ì bá pa wọ́n, àwọn Osage, ẹ̀yà kan lára àwọn tó ti wà nílẹ̀ Amẹ́ríkà kí òyìnbó tó dé, tó ń ti oko ọdẹ bọ̀ ló fún wọn lóúnjẹ.

Síbẹ̀ ìlú dìde. Wọ́n ní ilé ìwé, ṣọ́ọ̀ṣì, òtẹ́ẹ̀lì. Ọkùnrin kan ibẹ̀, E. P. McCabe, di akọ̀wé káúńtì (ẹ ṣáà ń gbọ́ káúńtì yẹn o), láti ibẹ̀ ni wọ́n ti dìbò yàn án lọ́dún 1882 sípò ayẹ̀wé-owó-wò fún gbogbo ìpínlẹ̀ Kansas, dúdú kankan ò dé irú ipò bẹ́ẹ̀ rí níbẹ̀. Kí ló wá pa ìlú? Réluwé ni. Wọ́n retí pé ó máa gbabẹ̀ kọjá, lọ́dún 1888 ó gba òdìkejì odò Solomon lọ, àwọn ọlọ́jà kó ṣọ́ọ̀bù wọn tẹ̀ lé e, ibi tí wọ́n kó lọ yẹn ló di Bogue. Ọ̀dá àti eruku ọdún 1930 sí 1939 tún wá bá a jà. Èèyàn 14 ni wọ́n kà ní Nicodemus lọ́dún 2020. Ṣùgbọ́n ìjọba àpapọ̀ ti sọ ọ́ di ibi ìtàn láti 1996, bó bá sì di òpin July, àwọn ọmọ ọmọ àwọn tó gbẹ́ ihò yẹn máa ń rọ́ wálé láti ìpínlẹ̀ káàkiri. Ẹ lọ tẹ́ ẹ bá wà nítòsí. Ẹ kí àgbà dáadáa bẹ́ ẹ ṣe ń kí i nílé.

Nicodemus ò ní méyọ̀, kò ní ọlọ́pàá tiẹ̀, ó wà lábẹ́ káúńtì ni. Irú ibẹ̀ pọ̀ ní Amẹ́ríkà. Nítorí náà tẹ́ ẹ bá gba ilé tó jìnnà sáàárín ìlú, ṣẹ́rífù, ìyẹn ọ̀gá ọlọ́pàá káúńtì, àtàwọn èèyàn ẹ̀ lẹ ó máa rí. Nọ́ńbà mọ́tò, ọ́fíìsì akápò káúńtì lẹ ti máa gbà á, nínú kọ́ọ̀tù yẹn náà, ẹ mú ìwé mọ́tò àti ìwé ìnṣọ́ránsì dání, ẹ múra sílẹ̀ pé owó orí mọ́tò wà nínú ohun tẹ́ ẹ máa san. Ní ọ̀pọ̀ káúńtì kéékèèké, ibẹ̀ náà ni lísẹ̀ńsì ìwakọ̀ wà, ẹni tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ kó dé ní ọjọ́ 90 láti gba ti Kansas. Tẹ́ ẹ bá ra ilé, ìdajì owó orí ẹ̀ December 20, ìdajì tó kù May 10.

Èyí ṣe pàtàkì ju gbogbo ẹ̀ lọ: níbi tẹ́ ẹ ti ń gba lísẹ̀ńsì, wọ́n lè bi yín bóyá ẹ fẹ́ forúkọ sílẹ̀ láti dìbò. Tẹ́ ẹ ò bá tíì di ọmọ ìlú Amẹ́ríkà, ẹ ní rárá, ẹ má fọwọ́ sí nǹkan kan tó jẹ mọ́ ìbò, ó lè ba ìwé yín jẹ́ pátápátá. Tẹ́ ẹ bá sì kó ilé, ẹ fi àdírẹ́sì tuntun ránṣẹ́ sí àwọn ìmígíréṣọ̀n láàárín ọjọ́ 10, fọ́ọ̀mù AR-11 ni, ọ̀fẹ́ ni.

Ọ̀nà ibẹ̀ ńkọ́? Wọ́n wọn ilẹ̀ bí ọ̀pọ́n ayò ọlọ́pọ̀ ojú, máìlì kan sí máìlì kan, 640 éékà lójú kan, òun lọ̀nà fi ń pàdé ní gbogbo máìlì. Òyìnbó ibẹ̀ ò ní sọ fún yín pé ẹ yà sọ́tùn-ún, "máìlì mẹ́ta sí àríwá, ọ̀kan sí ìlà oòrùn" ló máa sọ, ẹ yáa mọ ibi tí oòrùn ti ń yọ. Ọjà ńlá ò sí nítòsí, Hays ni wọ́n ń lọ, bíi wákàtí kan, èèyàn ibẹ̀ lé ní 21,000. Ẹ má jẹ́ kí epo mọ́tò yín lọ sísàlẹ̀ ìdajì láé, pàápàá nígbà yìnyín, wọ́n máa ń ti ọ̀nà márosẹ̀ I-70 pa. Ẹ béèrè ọjọ́ tí wọ́n máa ń dán fèrè tọ̀nédò wò, ìyẹn fèrè tí wọ́n fi ń kìlọ̀ pé ìjì líle tó ń yí bìrìbìrì ń bọ̀, kẹ́ ẹ lè mọ èyí tó jẹ́ òótọ́, kẹ́ ẹ sì béèrè bóyá ilé yín ní yàrá abẹ́ ilẹ̀ tẹ́ ẹ lè sá sí kẹ́ ẹ tó sanwó.

Àbúrò mi yẹn ti pe ọ́fíìsì akápò lánàá. Obìnrin tó gbé fóònù ka gbogbo ìwé tó máa mú wá fún un níkọ̀ọ̀kan, ó ní kó má wulẹ̀ wá lásìkò oúnjẹ ọ̀sán, ó wá bi í bóyá ó ti rílé, torí òun mọ ẹnì kan tó ní yàrá méjì tó ṣófo.